Bí Mo Ṣe Wọ Ilé Ọ̀fọ̀ Láì Kí Ẹnikẹ́ni

Ìwé kékeré tí mo kọ ètò ọjọ́ Sátidé yẹn sí ṣì wà lọ́wọ́ mi. Ohun tó wà níbẹ̀ rèé: "Aago 8, Gisozi. Aago 11, Ntarama. Aago 1, Nyamata. Aago 4, ọjà, ra agbọ̀n fún Màmá. Aago 7, ẹran sísun." Mo fi gègé pupa fa ìlà sábẹ́ ẹran sísun, torí wọ́n ti sọ fún mi pé ẹran ewúrẹ́ tí wọ́n ń fi igi gún ní Kigali, tí wọ́n ń pè ní brochette, kò lẹ́gbẹ́. Ibi mẹ́ta tí wọ́n ti pa èèyàn nípakúpa, tàbí tí wọ́n sin wọ́n sí, ni mo tò tẹ̀ léra bí ẹni ń to ọjà tó fẹ́ rà, tí mo wá fi ẹran sísun dé e lórí.

Ó ti rọrùn fún wa báyìí láti lọ sí Rùwáńdà. Ọmọ orílẹ̀-èdè tó bá wà nínú Àjọ Ìṣọ̀kan Áfíríkà kì í sanwó físà fún 30 ọjọ́ àkọ́kọ́. Ẹni tó bá sì dé Kigali, kò ní pẹ́ tí ẹnìkan á fi sọ fún un pé kó lọ wo ibi ìrántí àwọn tí wọ́n pa lọ́dún 1994. Kó lọ. Ṣùgbọ́n kó má lọ bí mo ṣe lọ.

Iṣẹ́ ló gbé mi débẹ̀, ìdálẹ́kọ̀ọ́ ọjọ́ márùn-ún, èmi àti obìnrin kan tá a jọ wà níbi iṣẹ́. Ẹ̀gbọ́n ni mo ń pè é, torí ó fi ọdún mẹ́sàn-án jù mí lọ. Èèyàn tí ẹnu rẹ̀ kì í yá ni. Nígbà tí mo ní ká dúró di Sátidé ká lè lọ wo àwọn ibi ìrántí, ó ní, "Ṣé ó pọn dandan?" Mo ní, "Ẹ̀gbọ́n, ta ní ń dé Kigali tí kì í débẹ̀?" Ó dákẹ́. Mo ka ìdákẹ́jẹ́ yẹn sí pé ó ti gbà. Nínú gbogbo àṣìṣe tí mo ṣe, èyí ló ń dùn mí jù títí dòní, màá sì padà sórí rẹ̀.

Ohun tí mo mọ̀ kí n tó lọ kò tó nǹkan. Mo ti gbọ́ orúkọ ẹ̀yà méjì ibẹ̀, Hútù àti Tútsì. Mo mọ̀ pé wọ́n yìnbọn lu ọkọ̀ òfuurufú Habyarimana, Ààrẹ Rùwáńdà, ní ọjọ́ 6 oṣù kẹrin, tí pípa èèyàn sì bẹ̀rẹ̀. Mo rò pé ìjà ẹ̀yà tó kàn ṣàdédé bẹ́ ni. Kò yé mi pé wọ́n ti ń dá iná yẹn tipẹ́. Àwọn òyìnbó Bẹ́ljíọ̀mù tó ń ṣàkóso ibẹ̀ nígbà náà ló kọ ẹ̀yà kálukú sínú káàdì ìdánimọ̀ láàárín ọdún 1930 sí 1939. Nígbà tó di 1994, káàdì yẹn ni àwọn tó dínà lójú títì ń gbà wò kí wọ́n tó mọ ẹni tó máa kọjá àti ẹni tí kò ní kọjá. Rédíò RTLM sì wà níbẹ̀ tó ń pe àwọn Tútsì ní inyenzi, aáyán, ó ń pè é lójoojúmọ́, títí tí pípa èèyàn fi jọ iṣẹ́ ilé. Láàárín nǹkan bí 100 ọjọ́, ó lé ní 800,000 èèyàn tí wọ́n pa. Ìjọba Rùwáńdà fúnra rẹ̀ sọ pé ó kọjá mílíọ̀nù kan. Tútsì ló pọ̀ jù nínú wọn, pẹ̀lú àwọn Hútù tó kọ̀ láti bá àwọn Hútù ẹlẹgbẹ́ wọn tó ń pa èèyàn lọ́wọ́ sí i.

Mo wà nílé ẹ̀kọ́ girama lọ́dún yẹn. Tí ẹ bá bi mí ní ohun tí mo rántí nípa oṣù kẹfà 1994, màá sọ pé Rashidi Yekini ni, bó ṣe di àwọ̀n mú tó ń ké lẹ́yìn tó gbá bọ́ọ̀lù sáwọ̀n Bùlùgáríà. Ọjọ́ 21 oṣù kẹfà ni. Ní ọjọ́ yẹn gan-an, wọ́n ṣì ń pa èèyàn ní Rùwáńdà. Bóyá rédíò sọ ọ́ nílé wa, bóyá kò sọ ọ́. Bọ́ọ̀lù àti ọ̀rọ̀ Abíọ́lá ló kún etí wa.

Nǹkan tó kọ́kọ́ da ètò mi rú kò ṣòro mọ̀ rárá, ká ní mo béèrè. Sátidé tí mo mú jẹ́ Sátidé tó kẹ́yìn oṣù. Àárọ̀ ọjọ́ yẹn ni wọ́n ń ṣe umuganda ní Rùwáńdà: gbogbo ìlú á jáde síṣẹ́ ìlú, wọ́n á gbálẹ̀, wọ́n á gbin igi, wọ́n á la gọ́tà. Ọkọ̀ kì í rìn bó ṣe wù ú títí di nǹkan bí aago 11, àwọn ibi púpọ̀ kì í sì í ṣí títí di ọ̀sán. Nígbà tí mo pe dírẹ́bà wa ní aago 7 àárọ̀, ńṣe ló rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Madam, ṣọ́bìrì ló wà lọ́wọ́ mi báyìí."

Ẹni tó bá gbọ́n á ti yọ ibi méjì kúrò nínú ètò náà lójú ẹsẹ̀. Èmi ń wo aago. Òwúrọ̀ Sọ́ńdè ni ọkọ̀ òfuurufú wa máa gbéra. Mo bá rún ètò odidi ọjọ́ kan mọ́ inú ìrọ̀lẹ́ kan ṣoṣo. Ebi kò jẹ́ kí n ronú dáadáa pẹ̀lú. Bísíkíìtì nìkan ni mo jẹ lọ́jọ́ náà, mo ń fi ikùn mi pamọ́ de ẹran sísun.

Orí òkè ni Gisozi wà, ó dojú kọ àárín ìlú. Òdòdó ni wàá kọ́kọ́ rí, àti omi tó ń sun, àti àwọn pèpéle kọnkéré gbọọrọ tó tẹ́ sílẹ̀ bí ilẹ̀ẹ́lẹ̀ ilé tí wọn kò tíì mọ ògiri lé. Sàréè ni wọ́n. Ó lé ní 250,000 èèyàn tí wọ́n sin síbẹ̀. Mo ka iye yẹn lára ògiri, mo sì kọjá. Iye ńlá kì í wọ èèyàn lára. Wíwọlé kò gba owó. Ẹ̀rọ tí wọ́n ń fi sétí, tó ń ṣàlàyé bó o ṣe ń rìn, ni wọ́n ń sanwó fún. N kò gbà á, mo ní á fa ọwọ́ aago sẹ́yìn. Tó o bá máa dá rìn níbẹ̀, gbà á o, torí òun ló máa jẹ́ kó o lè dúró níbi tó bá wù ọ́, kó o sì jókòó nígbà tó bá rẹ̀ ọ́.

Mo ń sáré kọjá lára àwọn ògiri náà, Ẹ̀gbọ́n ń bọ̀ lẹ́yìn. Bí mo ṣe ṣíwájú rẹ̀ dé yàrá àwọn ọmọdé nìyẹn.

Fọ́tò ńlá ńlá ni, ọmọ kan, ọmọ kan. Àwọn kan ń rẹ́rìn-ín, ọ̀kan wọ aṣọ ọdún. Lábẹ́ fọ́tò kọ̀ọ̀kan, wọ́n kọ orúkọ ọmọ náà, ọjọ́ orí rẹ̀, oúnjẹ tó fẹ́ràn, ẹni tó jẹ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀, lẹ́yìn náà bí wọ́n ṣe pa á. Kò ju ìlà mẹ́fà méje lọ. Ọmọkùnrin ọlọ́dún 10 kan wà níbẹ̀ tó fẹ́ràn bọ́ọ̀lù, tó máa ń pa àwọn èèyàn lẹ́rìn-ín, tó fẹ́ di dókítà. Wọ́n kọ ọ̀rọ̀ tó sọ kẹ́yìn síbẹ̀: ó ní UNAMIR máa wá gbà wọ́n.

UNAMIR ni àwọn ọmọ ogun tí Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé kó síbẹ̀. Ní ọjọ́ 21 oṣù kẹrin ọdún yẹn, tí pípa èèyàn ti wọ ọ̀sẹ̀ kẹta, Ìgbìmọ̀ Ààbò jókòó ní New York, wọ́n sì fẹnu kò pé kí wọ́n dín wọn kù sí nǹkan bí 270. Gbogbo wọn ló dìbò fún un. Nàìjíríà wà lórí ìjókòó yẹn lọ́dún náà. Ẹ̀yìn tí mo padà délé ni mo tó ka èyí, ó sì dáa bẹ́ẹ̀, torí n kò mọ bí ojú mi ì bá ṣe gbé e níwájú fọ́tò yẹn.

Ìró kan ni mo gbọ́ lẹ́yìn mi. Kì í ṣe igbe. Ó dà bí ìgbà tí èèyàn gbé ẹrù tó ju agbára rẹ̀ lọ. Mo yíjú padà, Ẹ̀gbọ́n ti jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó gbé ọwọ́ méjèèjì lé ẹnu.

Ọdún méje ṣáájú ìgbà yẹn, Ẹ̀gbọ́n sin ọmọ rẹ̀ obìnrin, ọmọ ọdún mẹ́ta. Mo mọ̀. Ohun tó burú nínú ọ̀rọ̀ náà nìyẹn: mo mọ̀. Mo wà lára àwọn tó lọ kí i nígbà náà, mo jókòó sórí ẹní nínú yàrá rẹ̀, mo rí bàtà kékeré náà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn tí ẹnikẹ́ni kò láyà láti gbé kúrò. Síbẹ̀, nígbà tó bi mí pé ṣé ó pọn dandan, n kò bi í pé kí ló dé tó fi béèrè. Àwọn ará wa máa ń sọ pé ọmọ kò láyọ̀lé, ẹni ọmọ sin ló bímọ. Yàrá tó jẹ́ pé kìkì ọmọ tí kò sin òbí ló kún inú rẹ̀ ni mo fà á wọ̀.

Ọmọbìnrin kan tó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀ ló wá bá a. Ó gbé omi dání àti bébà ìnujú. Kò sọ pé kó má sunkún mọ́, kò sì gbà á lápá pé kó dìde. Ó jókòó tì í sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó ń sọ ọ̀rọ̀ kan ṣáá, "Komera, komera." Mo mọ̀ lẹ́yìn náà pé ó dà bí ìgbà tí a bá ní kí èèyàn mọ́kàn le. Wọ́n ti rí ọ̀pọ̀ irú rẹ̀ níbẹ̀. Wọ́n tilẹ̀ ní orúkọ tí wọ́n ń pe ìpayà tó máa ń dé bá àwọn tó yè, ihahamuka, bíi pé èémí èèyàn ò délẹ̀ mọ́. Tí oṣù kẹrin bá sì dé, tí wọ́n ń ṣe Kwibuka, ìyẹn ìrántí ọdọọdún, àwọn tó ń tọ́jú irú ẹni bẹ́ẹ̀ máa ń wà ní sẹpẹ́. Ìmọ̀ràn mi fún ẹni tó bá ti sin ọmọ, tàbí tí ojú rẹ̀ ti rí ogun tàbí ìkọlù: yàrá àwọn ọmọdé yìí ló kẹ́yìn, kò sí ẹni tó máa bi ọ́ tó o bá yà kúrò, ọgbà wà níta pẹ̀lú bẹ́ǹṣì.

Ó yẹ ká padà sí hòtẹ́ẹ̀lì nígbà yẹn. Ẹ̀gbọ́n fúnra rẹ̀ ló ní, "Máa lọ síbi tó kù, màá jókòó sínú mọ́tò." Mo sì gbà. Ṣé ẹ fẹ́ gbọ́ ìdí tí mo fi gbà? Mo ti san owó mọ́tò ọjọ́ náà tán.

Ntarama tó nǹkan bí 30 kìlómítà sí Kigali, ní apá gúúsù, ní Bugesera. Ṣọ́ọ̀ṣì kékeré tí wọ́n fi bíríkì mọ ni, láàárín igi. Ní ọjọ́ 15 oṣù kẹrin 1994, wọ́n pa nǹkan bí 5,000 èèyàn tó sá síbẹ̀. N kò ní kọ ohun tó wà lára ògiri ilé kékeré tí àwọn ọmọ ti ń kọ́ ẹ̀kọ́ ọjọ́ ìsinmi síhìn-ín. Ẹni tó bá débẹ̀ á rí i, ẹni tí kò bá sì débẹ̀, kò yẹ kó jẹ́ pé ẹnu mi ló ti máa kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Ohun tí mo lè sọ ni ẹrù àwọn èèyàn náà: ife, ìkòkò, bírò, ìwé àkọsílẹ̀ ọmọ iléèwé. Wọ́n kó ẹrù wá bí ẹni tó máa sùn, tí á sì padà sílé.

Obìnrin tó bí ẹgbẹ́ mi ló mú mi yíká. Ohùn rẹ̀ kò lọ sókè, kò wálẹ̀. Mo gbé fóònù mi sókè nínú ilé náà, ó ní fọ́tò kò sí nínú ilé, ó sì ń bá ọ̀rọ̀ rẹ̀ lọ. Ojú tì mí díẹ̀. Kò tì mí tó, torí kò pé ìṣẹ́jú mẹ́wàá sí i tí mo la ẹnu mi bi í pé:

"Ṣé Tútsì ni yín àbí Hútù?"

Ó wò mí. Kò bínú, kò fajú ro. Ó ní, "Ọmọ Rùwáńdà ni mí." Ó yíjú sí ibi tí àwọn ìwé ọmọ iléèwé náà wà, ó fi ìka tún ọ̀kan tò kó lè bá èkejì gún, ó sì tẹ̀ síwájú.

Dírẹ́bà ló là mí lóye nínú mọ́tò. Ọ̀rọ̀ ẹ̀yà ti kúrò lára káàdì ìdánimọ̀ tipẹ́. Wọn kì í bi ara wọn bẹ́ẹ̀ ní gbangba, òfin sì wà tó ń mú ẹni tó bá ń fi ẹ̀yà dá ìjà sílẹ̀ tàbí tó ń sọ pé ìpakúpa náà kò ṣẹlẹ̀. Mo kọ́kọ́ ń dá ara mi láre pé àlejò ni mí, ibi tí mo ti wá a máa ń bi ara wa pé ọmọ ibo ni ọ́ kí omi tó gbóná. Ṣùgbọ́n mo mọ ohun tí mo ń wá. Mo fẹ́ kó sọ pé òun wà lára àwọn tó yè. Mo fẹ́ kó fi ìtàn tirẹ̀ dá mi lára yá, kí n lè délé kí n sọ pé ẹni tọ́rọ̀ ṣẹlẹ̀ sí ló mú mi yíká. Òótọ́ ni pé àwọn kan nínú àwọn afinimọ̀nà yẹn jẹ́ ẹni tó yè, tí àwọn ẹbí wọn sì wà nínú ilẹ̀ tí wọ́n ń mú èèyàn yíká. Tí wọ́n bá fẹ́ sọ ọ́ fún ọ, wọ́n á sọ ọ́. Tí wọn kò bá sọ ọ́, o kò ní ẹ̀tọ́ sí i. N kò mọ̀ títí dòní ẹni tí obìnrin yẹn jẹ́.

A dé Nyamata nígbà tí oòrùn ti ń lọ sílẹ̀. Ẹ̀gbọ́n sọ̀ kalẹ̀ nínú mọ́tò, n kò sì béèrè ìdí. Ọkùnrin àgbàlagbà kan ló jáde pàdé wa. Mo ti ń na ọwọ́ láti bọ̀ ọ́, mo ti fẹ́ bi í pé ìṣẹ́jú mélòó ló máa gbà, nígbà tí Ẹ̀gbọ́n rọra tẹ eékún méjèèjì, ó gbé ọwọ́ láyà, ó sì fi Yorùbá sọ pé: "Ẹ kú ará fẹ́ra kù. Ẹ kú ìrọ́jú."

Bóyá Gẹ̀ẹ́sì kò wá sí i lẹ́nu ni. Ọkùnrin náà kò gbọ́ Yorùbá, ṣùgbọ́n ó dúró. Ó ṣí fìlà rẹ̀, ó di ọwọ́ Ẹ̀gbọ́n mú pẹ̀lú ọwọ́ méjèèjì, ó ní, "Murakoze." Ó ń dúpẹ́. Lẹ́yìn náà ló lọ gbé àga wá fún un.

Ara mi bù máṣọ. Ta ni kò mọ bí a ṣe ń wọ ilé ọ̀fọ̀ nínú àwa tí Yorùbá bí? A máa ń rẹ ohùn sílẹ̀ láti ẹnu ọ̀nà. A ó kí wọn kí a tó jókòó. A kì í béèrè pé kí ló pa á. Wọ́n á sọ ọ́ fúnra wọn tó bá tó àsìkò. A kì í sì í ti ibẹ̀ lọ síbi àríyá. Gbogbo èyí ni mo mọ̀ láti kékeré, tí ìyá mi fi ìfọ́tí kọ́ mi. Mo gbàgbé gbogbo rẹ̀ torí pé wọ́n kọ "ìbẹ̀wò" sára pátákó, tí ẹnìkan tó ń ṣàlàyé sì wà níwájú mi. Láti ìgbà yẹn, mo ti ń sọ fún ẹnikẹ́ni tó bá ń lọ pé kó kọ́kọ́ kí ẹni tó máa mú un yíká bí a ṣe ń kí ọlọ́fọ̀, lédè yòówù kó jẹ́. Kò náni ní nǹkan kan. Ó sì máa ń yí bí ọ̀rọ̀ ṣe máa lọ padà.

Aṣọ ló wà lórí àwọn bẹ́ǹṣì ṣọ́ọ̀ṣì náà. Òkìtì aṣọ, láti iwájú dé ẹ̀yìn, ti àgbà, ti ọmọdé, gbogbo wọn ti pọ́n di àwọ̀ ilẹ̀. Ihò wà káàkiri lára páànù òkè, níbi tí ọta ìbọn àti bọ́ǹbù tí wọ́n ń fọwọ́ jù gbà wọlé, ìmọ́lẹ̀ sì ń gba ibẹ̀ wọlé tóótòòtó. Ọkùnrin náà ní nǹkan bí 10,000 èèyàn ni wọ́n pa nínú ṣọ́ọ̀ṣì náà àti àyíká rẹ̀ ní àárín oṣù kẹrin. Mo bi í, mo sì rọra béèrè lọ́tẹ̀ yìí, pé kí ló dé tí gbogbo wọn fi wá síbi kan náà. Ó ní torí pé ó ti gbà wọ́n rí ni. Lọ́dún 1992, tí wọ́n pa àwọn Tútsì ní Bugesera, àwọn tó sá wá sí ṣọ́ọ̀ṣì náà yè. Torí náà, nígbà tó tún dé, ibẹ̀ ni wọ́n sáré lọ. Sàréè obìnrin ará Ítálì kan, Tonia Locatelli, wà níta níbẹ̀. Ó pe rédíò ilẹ̀ òkèèrè lọ́dún 1992 yẹn láti sọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀, wọ́n sì pa á. Ọdún méjì ṣáájú. Ẹni tó fẹ́ gbọ́ ti gbọ́.

Ọ̀rọ̀ kan wà níbẹ̀ lédè Kinyarwanda tí mo bẹ ọkùnrin náà pé kó túmọ̀ fún mi. Ó ní: bó o bá mọ̀ mí, tó o sì mọ ara rẹ, o kì bá tí pa mí.

Lẹ́yìn ṣọ́ọ̀ṣì, àtẹ̀gùn wà tó sọ̀ kalẹ̀ sínú àwọn sàréè ńlá náà. Agbárí àti egungun ni wọ́n tò sórí pẹpẹ níbẹ̀, lápá ọ̀tún àti lápá òsì, ọ̀nà àárín wọn kò sì fẹ̀ ju èjìká èèyàn lọ. Ọkùnrin náà ní kì í ṣe dandan. Ẹ̀gbọ́n ní òun kò lọ. Mo sọ̀ kalẹ̀. Ìsàlẹ̀ ibẹ̀ ni mo ti bi ara mi léèrè ohun tí mo wá ṣe, n kò sì rí èsì kankan ju kí n lè sọ pé mo débẹ̀. Lọ́dọ̀ tiwa, ilẹ̀ ni wọ́n ń fi òkú sí, a kì í to egungun rẹ̀ fún àlejò. Mo sọ èyí fún ọkùnrin náà nígbà tí mo jáde. Ó ní àwọn ará ìlú òun náà ò fẹnu kò lórí rẹ̀, pé àwọn kan fẹ́ kí wọ́n sin gbogbo egungun kí ọkàn lè balẹ̀. Ó wá ní, "Ṣùgbọ́n àwọn kan wà tó ń sọ pé a purọ́." Kò sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

A kò dé ọjà. Dírẹ́bà rántí ẹran sísun tí mo ti ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ láti ọjọ́ Mọ́ńdè, ó béèrè bóyá kó yà. Èébì gbé mi.

Lóru, mo tọrọ gáfárà lọ́wọ́ Ẹ̀gbọ́n. Ó ti pa iná. Ó ní, "Ìwọ ò ṣe mí ní nǹkan kan. O kàn ń sáré ni." Ọ̀rọ̀ yẹn ta mí ju èébú lọ.

Àṣìṣe tó tẹ̀ lé e, ilé ni mo ti ṣe é. Lọ́jọ́ Túsìdé níbi iṣẹ́, wọ́n pé lé mi lórí, wọ́n ní kí n sọ ohun tí mo rí. Mo sọ ọ́. Bí ẹnu wọn ṣe ń là sí i ni mo ń fi kún un, mo sọ ti ògiri Ntarama pẹ̀lú, èyí tí mo ní n kò ní kọ lókè yìí. Ẹ̀gbọ́n dìde, ó lọ ṣe ẹ̀dà ìwé kan tí mo mọ̀ pé ó ti ṣe láàárọ̀. Fún nǹkan bí oṣù kan, n kò lè ká aṣọ tí wọ́n bá kó jọ sórí àga nílé. Ọmọ mi ló ń bá mi ká a. Mo rò pé mo ń ya wèrè ni. Nígbà tó yá mo sọ fún ẹnìkan tó mọ̀ nípa rẹ̀, ó ní ara ló ń sọ ohun tí ẹnu kò sọ, kí n wá ẹnìkan ṣoṣo tí màá máa bá sọ ọ́ dípò ogún èèyàn. Ẹ̀gbọ́n ni mo bá sọ ọ́. A sọ̀rọ̀ nípa ọmọ rẹ̀ lọ́jọ́ náà fún ìgbà àkọ́kọ́ láti ọdún méje.

Ọdún méjì lẹ́yìn náà, iṣẹ́ tún gbé mi lọ. Lọ́tẹ̀ yìí, ibi kan ṣoṣo ni mo mú, Murambi, ní gúúsù, lẹ́bàá ìlú tí wọ́n ń pè ní Gikongoro tẹ́lẹ̀. Mo kàwé nípa rẹ̀ kí n tó lọ. Mo sun ìlú Huye mọ́jú kí n má bàa fi àárẹ̀ ọ̀nà wọ ibẹ̀, mo jẹun láàárọ̀, n kò sì fi nǹkan kan síwájú ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà. Ilé ẹ̀kọ́ iṣẹ́ ọwọ́ tí wọn kò tíì kọ́ parí ni Murambi lọ́dún 1994. Àwọn aláṣẹ ló ní kí àwọn Tútsì kó lọ síbẹ̀, pé wọ́n á dáàbò bò wọ́n. Wọ́n gé omi. Ní ọjọ́ 21 oṣù kẹrin, wọ́n pa nǹkan bí 50,000 èèyàn níbẹ̀. Ọjọ́ tí wọ́n dìbò ní New York yẹn náà ni.

Mo kí afinimọ̀nà tó wà níbẹ̀ bí Ẹ̀gbọ́n ṣe kí ọkùnrin àgbàlagbà yẹn ní Nyamata. Ọ̀dọ́mọkùnrin ni. A rìn díẹ̀díẹ̀. A dé ibi tí wọ́n kọ ọ́ sí pé àwọn ọmọ ogun Faransé tó wá lẹ́yìn náà gbá bọ́ọ̀lù àfọwọ́gbá lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí wọ́n sin àwọn èèyàn náà sí. A dúró síbẹ̀ pẹ́. Lẹ́yìn náà ló mú kọ́kọ́rọ́ jáde, ó dojú kọ àwọn kíláàsì tí wọ́n tọ́jú òkú sí, òkú tí wọ́n fi ìyẹ̀fun láìmù pa ara wọn mọ́ tí wọ́n fi funfun bí ẹfun.

Ó ti ṣí ilẹ̀kùn àkọ́kọ́ kí n tó sọ pé n kò ní wọlé, pé màá dúró níta.

Ó ní, "Kò burú." Ó ti ilẹ̀kùn náà padà, ó fà á wò lẹ́ẹ̀mejì bóyá ó ti wọlé, ó sì wá jókòó tì mí lórí àtẹ̀gùn. Òkè ló yí wa ká, wọ́n fi oko bo gbogbo rẹ̀. Ẹnìkan ń pe ewúrẹ́ rẹ̀ nísàlẹ̀ lọ́hùn-ún. A jókòó bẹ́ẹ̀ fún ìgbà díẹ̀ kó tó bi mí pé ṣé òjò ti bẹ̀rẹ̀ lọ́dọ̀ tiwa.